Ìtàn Àwọn Tó Ń Ṣọ́ Kọ̀ǹténà Orí Kọ̀ǹpútà, àti Iṣẹ́ Jessie Frazelle

(Ọ̀rọ̀ ìtàn ọ̀sẹ̀ yìí, tí a tẹ̀ láti inú fóìsì nóòtì márùn-ún fún ẹ̀yin tí dátà yín kò tó láti gbọ́ ọ. A fi ọ̀rọ̀ ẹnu sílẹ̀ bí ó ṣe wà.)

Fóìsì kìíní

Ẹ̀yin ará wa ní Katako, àti ẹ̀yin tí ẹ ti kó kúrò ní Jos tí ẹ kò tíì kúrò nínú ẹgbẹ́ yìí. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni a ti fi sọ ìtàn réluwéè, ti kuza, àti bí àwọn bàbá wa ṣe gòkè wá síbí láti Ògbómọ̀ṣọ́ àti Ọ̀fà. Lónìí mo fẹ́ yà kúrò lójú ọ̀nà yẹn díẹ̀. Ìyá wa kan ló fà á. Wọ́n bi mí nínú ẹgbẹ́ yìí pé ọmọ àwọn tó wà ní yunifásítì sọ pé sìkọ́ríìtì kọ̀ǹténà ni òun fẹ́ fi ṣiṣẹ́ jẹun. Màmá ní ṣé àwọn rán ọmọ níléèwé kó lè lọ máa ṣọ́ kọ̀ǹténà ní Àpápá ni? Kí n tó dáhùn, ẹlòmíì ti sọ pé Yahoo ni ọmọ náà fẹ́ ṣe, pé gbogbo ọmọ tó bá ń tẹjú mọ́ kọ̀ǹpútà lóru, iṣẹ́ kan náà ni wọ́n ń ṣe. A rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ìbéèrè màmá tọ́ sí ìdáhùn, torí iṣẹ́ yẹn wà lóòótọ́, ó ní ìtàn, àwọn tó ṣe é náà ní orúkọ.

Ní Katako níbí, kò sẹ́ni tí kò mọ kọ̀ǹténà. Katako náà, pákó ni Hausa ń pè bẹ́ẹ̀, ọjà pákó ni wá. Kọ̀ǹténà sì pọ̀ láàárín wa: àpótí irin tí wọ́n fi kó ẹrù wá láti òkè òkun, tí wọ́n gé ilẹ̀kùn àti fèrèsé sí, tí ó di ṣọ́ọ̀bù. Àwọn tó ń kọ ètò orí kọ̀ǹpútà yá orúkọ yẹn lò. Wọ́n máa ń di ètò kan, pẹ̀lú gbogbo ohun tó nílò láti ṣiṣẹ́, sínú àpótí kan, kí ó lè ṣiṣẹ́ bákan náà lórí kọ̀ǹpútà èyíkéyìí tí wọ́n bá gbé e lé. Kọ̀ǹpútà yẹn kì í sì í sábà jẹ́ tiwọn. Àyálò ni, nínú ilé ńlá kan tí wọn kò dé rí, ohun tí ayé ń pè ní cloud. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn àpù tí ẹ fi ń fi owó ránṣẹ́, kọ̀ǹténà bẹ́ẹ̀ ló wà lẹ́yìn wọn. Ẹ rántí ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2023, nígbà tí náírà bébà wọ́n bí ojú, tí oníbàárà máa ra pákó tán, tí yóò jókòó sórí rẹ̀ títí álẹ́ẹ̀tì yóò fi wọlé. Lọ́jọ́ wọ̀nyẹn, inú kọ̀ǹpútà ni gbogbo owó Katako wà.

Àmọ́ orúkọ kọ̀ǹténà máa ń tan èèyàn jẹ. Ti irin ní ògiri. Ti orí kọ̀ǹpútà kò ní ògiri bẹ́ẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n fi ilé tí ọ̀pọ̀ wa dàgbà sí ṣàlàyé, ilé fésì-mi-àì-fésì-yù. Yàrá mẹ́wàá, márùn-ún lápá ọ̀tún, márùn-ún lápá òsì. Olúkúlùkù ní kọ́kọ́rọ́ tirẹ̀ àti ìkòkò tirẹ̀, kò sì rí inú yàrá ẹnìkejì. Ṣùgbọ́n kànga kan ni, géètì kan, mítà iná kan. (Ẹ̀yin tí ẹ wà lórí láìnì NESCO, mo mọ̀ pé ẹ ń rẹ́rìn-ín. Láti 1929 ni ilé-iṣẹ́ yẹn ti wà, iná yín yàtọ̀ sí tiwa.) Bí ayálégbé kan bá da májèlé sí kànga, gbogbo ilé ló mu ún. Bí ó bá sun mítà, gbogbo ilé ló wà lókùnkùn.

Kànga, géètì àti mítà yẹn ni wọ́n ń pè ní kernel. Òun ni ọ̀gá inú kọ̀ǹpútà, tó ń bá irin ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ sọ̀rọ̀. Gbogbo kọ̀ǹténà tó wà lórí kọ̀ǹpútà kan, kernel kan náà ni wọ́n jọ ń lò. Irú ilé mìíràn wà tí ayálégbé kọ̀ọ̀kan ti ní kànga àti mítà tirẹ̀, virtual machine ni tiwọn. Ìyẹn wọ́n, ó sì ń fẹ́ àyè. Kọ̀ǹténà pọ́ọ́kú, ó yá, nítorí náà ni gbogbo ayé ṣe kó wọ inú rẹ̀. Ìbéèrè tó wá kù ni pé, bí ayálégbé kan bá jẹ́ olè ńkọ́?

Ìtàn tí mo fẹ́ sọ kì í ṣe ti Jos, Amẹ́ríkà ló pọ̀ jù nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n owó yín wà nínú ilé yẹn.

Fóìsì kejì

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn yín pé àná ni nǹkan yìí bẹ̀rẹ̀. Ní 1979, nínú Unix Version 7 tó ti Bell Labs ní Amẹ́ríkà jáde, àṣẹ kékeré kan wà tó ń jẹ́ chroot. Iṣẹ́ rẹ̀ ni pé kó fi apá kan nínú àwọn fáìlì han ètò kan, kí ètò náà gbà pé ibẹ̀ ni ayé parí sí. Bí ọmọ tí wọ́n tọ́ nínú yàrá kan, tó rò pé yàrá yẹn ni gbogbo Plateau. Wọn kò ṣe é nítorí olè rárá.

Ẹni tó lò ó fún olè ni Bill Cheswick, òun náà ní Bell Labs. Ní ọjọ́ 7 oṣù Kínní 1991, olè orí kọ̀ǹpútà kan gbìyànjú láti jí fáìlì pásíwọ́ọ̀dù wọn. Cheswick kò lé e. Ó fi fáìlì ayédèrú ránṣẹ́ sí i. Nígbà tó yá, ó fi chroot kọ́ yàrá kan fún un, yàrá tó dà bí kọ̀ǹpútà gidi, ó jókòó sí ìta, ó ń wo gbogbo ohun tí olè náà ń ṣe fún ọ̀pọ̀ oṣù. Ilẹ̀ Netherlands ni wọ́n tọpasẹ̀ rẹ̀ dé. Mo fẹ́ràn apá ìtàn yìí torí pé yàrá ààbò yìí, olè ni wọ́n kọ́ ọ fún, kì í ṣe onílé.

Ní ọdún 2000, Poul-Henning Kamp, ọmọ ilẹ̀ Denmark, fi ohun tó ń jẹ́ jail, ìyẹn ẹ̀wọ̀n, sínú FreeBSD. Ilé-iṣẹ́ kan tó ń yá àwọn oníwẹ́ẹ̀bù láyè lórí kọ̀ǹpútà ló nílò rẹ̀: ayálégbé pọ̀, kò sì sí ẹni tó mọ ìwà ẹnìkejì. Lẹ́yìn náà, àwọn òṣìṣẹ́ Google fi cgroups sínú Linux, ó wọlé ní 2008, kí ayálégbé kan má baà mu gbogbo omi kànga tán. Èyí kò gba àlàyé púpọ̀.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ fi etí sí ni seccomp, torí òun ni ọ̀rọ̀ yòókù máa dá lé. Ní 2005, Andrea Arcangeli, ọmọ Ítálì, kò ronú kọ̀ǹténà rárá. Ohun tó rò ni pé kọ̀ǹpútà púpọ̀ ló ń jókòó lásán káàkiri ayé, kí àwọn tó ni wọ́n máa yá àjèjì lò kí wọ́n gbowó. CPUShare ni ó pe òwò náà. Ṣùgbọ́n ta ló máa jẹ́ kí ètò àjèjì wọ inú kọ̀ǹpútà rẹ̀? Ẹ wò ó, ohunkóhun tí ètò kan bá fẹ́ ṣe tó ju ìṣirò lọ, ì báà ṣe kó ṣí fáìlì, ì báà ṣe kó fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́, kernel ló gbọ́dọ̀ bẹ̀. Oríṣi ẹ̀bẹ̀ tó wà lé ní 300. Arcangeli wá sọ pé ètò àjèjì tó bá wọlé, ẹ̀bẹ̀ mẹ́rin péré ló lè bẹ̀: kó ka ohun tí wọ́n ti ṣí fún un, kó kọ èsì, kó jáde, àti ọ̀kan kékeré tó fi ń padà sẹ́nu iṣẹ́ bí nǹkan bá dá a dúró. Èyí tó bá bẹ̀ ju mẹ́rin yìí lọ, kernel á pa ètò náà lójú ẹsẹ̀.

Òwò yíyá yẹn kò gbèrú. Àṣẹ náà dúró nínú Linux. Ní 2012, Will Drewry ní Google sọ ọ́ di asẹ́ gidi: ètò kọ̀ọ̀kan lè mú asẹ́ tirẹ̀ wá, kó ní ẹ̀bẹ̀ báyìí kọjá, ẹ̀bẹ̀ báyìí kò kọjá. Linux 3.5 ló gbé e jáde. Asẹ́ wà, ó dára, ó lágbára. Àwọn tó sì mọ̀ ọ́n lò kò pọ̀, torí ta ló fẹ́ jókòó ṣa ẹ̀bẹ̀ 300 ní ọ̀kọ̀ọ̀kan?

Fóìsì kẹta

Ní oṣù Kẹta 2013, Solomon Hykes gun orí pèpéle ìpàdé PyCon ní Santa Clara, California. Ìṣẹ́jú 5 ni wọ́n fún un. Ó fi Docker hàn. Ẹ jẹ́ kí a sọ ọ́ bó ṣe rí: Docker kò dá kọ̀ǹténà sílẹ̀, ohun gbogbo tó lò ti wà nínú Linux. Ó kàn mú un rọrùn débi pé ọmọ tó kọ́ kọ̀ǹpútà fún oṣù mẹ́ta lè kọ́ yàrá mẹ́wàá kí oúnjẹ tó jiná. Láàárín ọdún kan, gbogbo ayé ti ń kó wọ inú fésì-mi-àì-fésì-yù. Àwọn àgbà inú iṣẹ́ ààbò bẹ̀rẹ̀ sí pariwo pé kànga kan náà lẹ jọ ń mu o. Wọn kò purọ́.

Ní 2014 ni Jessie Frazelle wọ ilé-iṣẹ́ Docker. Kì í ṣe pé wọ́n gbà á gẹ́gẹ́ bí ọ̀gá ààbò. Ara àwọn tó ń tọ́jú kóòdù gan-an ni, àwọn tó máa ń ka ohun tí àwọn ará ìta bá mú wá, tí wọ́n á sọ pé èyí wọlé, èyí kò wọlé. Kóòdù Docker ṣí sílẹ̀ fún gbogbo ayé, torí náà ojú gbogbo ayé ni ó ti ń ṣiṣẹ́. Màmá tó bi mí ní ìbéèrè, ẹ fi èyí sọ́kàn fún ọmọ yín: àwọn tó lókìkí nínú iṣẹ́ yìí, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò ní kí wọ́n fi sátífíkéètì hàn kí a tó mọ̀ wọ́n. Iṣẹ́ wọn wà níta, ọjọ́ tí wọ́n ṣe é wà lára rẹ̀, àti ohun tí àwọn tó bá wọn jiyàn sọ.

Nǹkan kan wà tí obìnrin yìí ṣe tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ kọ́kọ́ fi ṣẹ̀fẹ̀. Ní 2015, ó kọ àlàyé síta pé gbogbo ohun tí òun ń lò lórí kọ̀ǹpútà òun, inú kọ̀ǹténà ni òun kó wọn sí. Chrome tó fi ń wo íntánẹ́ẹ̀tì, Spotify tó fi ń gbọ́ orin, Skype, gbogbo rẹ̀. Kọ̀ǹténà, ètò inú sáfà ni wọ́n ṣe é fún, kò sẹ́ni tó ń fi gbọ́ orin. Ó dà bí ẹni tó kó ibùsùn lọ sínú ṣọ́ọ̀bù. Lójú tèmi, ibẹ̀ gan-an ni ìmọ̀ rẹ̀ ti wá. Ẹni tó ń gbé inú ilé ló mọ ilẹ̀kùn tó ń ké àti èyí tí kò tì dáadáa. Bí òfin kan bá le jù, Chrome tirẹ̀ ló máa kọ́kọ́ kú.

Iṣẹ́ tí mo fi ń sọ ìtàn rẹ̀ lónìí ni èyí tó jáde ní oṣù Kejì 2016, nínú Docker 1.10. Frazelle ló fi asẹ́ seccomp sí ẹnu ọ̀nà gbogbo kọ̀ǹténà Docker, gẹ́gẹ́ bí dìfọ́ọ̀tì. Dìfọ́ọ̀tì ni bí nǹkan ṣe máa wà bí o kò bá fọwọ́ kan ohunkóhun, bí ìró tó máa ń bá fóònù tuntun wá láti ilé-iṣẹ́. Lára ẹ̀bẹ̀ tó lé ní 300, bí 44 ni asẹ́ náà dí.

Ẹ̀yin lándílọ́ọ̀dù inú ẹgbẹ́ yìí á mọ ohun tó wà nídìí iye yẹn. Bí o bá gbé òfin 200 lé ẹnu ọ̀nà ilé rẹ, ayálégbé á yọ ọ́ jù sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan ni, wọ́n á máa ṣe bó ṣe wù wọ́n. Bí o kò bá sì gbé òfin kankan lé e, olè kan á wọlé gẹ́gẹ́ bí ayálégbé. Ohun tó ṣòro ni kí o mọ èyí tí ayálégbé rere kò nílò láé, tí olè sì nílò. Àwọn 44 yẹn, ẹ gbọ́ díẹ̀ nínú wọn. Kí kọ̀ǹténà tan kọ̀ǹpútà pa kó tún tan án: rárá. Kí ó yí aago kọ̀ǹpútà padà: rárá, torí aago kan náà ni gbogbo ilé ń wò. Kí ó ki nǹkan tuntun bọ inú kernel: rárá. Kí ó gbé kernel mìíràn rọ́pò èyí tó wà: rárá o. Kí ó fọwọ́ kan àpótí tí kernel ń tọ́jú kọ́kọ́rọ́ sí, ìyẹn ẹ̀bẹ̀ tí wọ́n ń pè ní keyctl: rárá, torí àpótí yẹn kò ní yàrá-yàrá, ti gbogbo ilé ni.

Ti keyctl yìí, ẹ dúró níbẹ̀. Ní oṣù Kínní 2016, ní ọ̀sẹ̀ díẹ̀ kí Docker 1.10 tó jáde, ilé-iṣẹ́ Perception Point kéde pé ihò kan wà nínú àpótí kọ́kọ́rọ́ kernel gan-an, tó lè sọ ẹni lásán di ọ̀gá kọ̀ǹpútà. CVE-2016-0728 ni nọ́ńbà tí wọ́n fún un. Láti gba inú ihò yẹn, ẹ̀bẹ̀ keyctl ni olè gbọ́dọ̀ bẹ̀. Nínú kọ̀ǹténà tó ní asẹ́ dìfọ́ọ̀tì, ẹ̀bẹ̀ yẹn kò kọjá. Ẹni tó ń lo Docker 1.10 ní ìlú èyíkéyìí, tí kò gbọ́ orúkọ seccomp rí, tí kò mọ Frazelle, tí kò san kọ́bọ̀, ihò yẹn kò ràn án.

(Ohùn já níbí fún ìṣẹ́jú díẹ̀. Iná ló lọ.)

Mo ti dé. Ohun tí mo ń sọ ni pé àwọn tó ń tà ààbò pọ̀ nínú ayé kọ̀ǹpútà, ẹni tó bá ní owó ló ń rà. Dìfọ́ọ̀tì kò bèèrè owó. Òun nìkan ni ààbò tó dé ọ̀dọ̀ ẹni tí kò mọ̀ pé òun nílò rẹ̀. Mo ka èyí sí iṣẹ́ tó tóbi ju kí èèyàn fọ́ kọ̀ǹpútà ńlá kan kí orúkọ rẹ̀ wọ ìwé ìròyìn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìwé ìròyìn kò gbé e.

Frazelle tún ṣí ojú òpó kan, contained.af, tó fún ẹnikẹ́ni ní yàrá kọ̀ǹténà kan láti inú íntánẹ́ẹ̀tì. Ó ní ó yá, ẹ jáde bí ẹ bá lè jáde. Ó ṣe amicontained náà, ètò kékeré tó máa sọ fún ọ bóyá inú kọ̀ǹténà lo wà, àti ohun tí wọ́n dí mọ́ ọ. Ní 2016 ó lọ sí Google, ní 2017 ó ti wà ní Microsoft, lẹ́yìn náà GitHub. Àwọn àgbà wa á ní ọmọ yìí kò lè jókòó síbì kan. Ṣùgbọ́n nínú iṣẹ́ tí kóòdù rẹ wà níta, o kì í fi iṣẹ́ rẹ sílẹ̀ fún ọ̀gá tí o kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀. O lè kó lọ lọ́la, wàá sì ṣì máa tọ́jú asẹ́ kan náà.

Fóìsì kẹrin

Ẹ má rò pé ilé ti di odi. Ní oṣù Kejì 2018, àwọn olùwádìí RedLock kéde pé àwọn kan wọ inú kọ̀ǹpútà àyálò ilé-iṣẹ́ Tesla, wọ́n ń fi wa owó kíríptò. Báwo ni wọ́n ṣe wọlé? Ojú ìwé tí wọ́n fi ń darí àwọn kọ̀ǹténà kò ní pásíwọ́ọ̀dù. Asẹ́ wo ló máa gba ẹni tó fi géètì sílẹ̀ gbayawu?

Èyí tó ba àwọn tó mọ iṣẹ́ lẹ́rù jù ni ti ọjọ́ 11 oṣù Kejì 2019. Ọmọ Poland méjì, Adam Iwaniuk àti Borys Popławski, rí i pé ayálégbé lè ti inú yàrá yí runc fúnra rẹ̀ padà, ìyẹn kọ́kọ́rọ́ tí lándílọ́ọ̀dù fi ń ṣí gbogbo yàrá. Nígbà tí lándílọ́ọ̀dù bá tún fi kọ́kọ́rọ́ yẹn ṣí ilẹ̀kùn, iṣẹ́ olè ló ń ṣe. Asẹ́ Frazelle kò dá èyí dúró. Ohun tó lè dá a dúró ni user namespace, èyí tó jẹ́ kí ẹni tó jẹ́ ọba nínú yàrá jẹ́ mẹ̀kúnnù lágbàlá. Òun náà wà nínú Docker 1.10 yẹn, Phil Estes ti IBM ló mú un wọlé, ṣùgbọ́n wọn kò fi ṣe dìfọ́ọ̀tì. Ó dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ń retí ẹni tó máa tan án. Ẹ ṣàkíyèsí ìyàtọ̀ yẹn.

Ohun tó wá dùn mí nínú ìtàn yìí ni ti Kubernetes. Google ló gbé e jáde ní 2014. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti máa darí kọ̀ǹténà púpọ̀ lórí kọ̀ǹpútà púpọ̀, bí ẹni tó ní ilé fésì-mi-àì-fésì-yù igba. Ilé-iṣẹ́ ńlá ńlá kó lọ sọ́dọ̀ rẹ̀. Kubernetes ìgbà náà sì ń lo Docker lábẹ́, ṣùgbọ́n nígbà tó bá ń ṣí yàrá, ó máa ń sọ fún Docker pé kó yọ asẹ́ seccomp kúrò. Wọ́n bẹ̀rù pé ètò àwọn oníbàárà lè dúró, torí ìgbà tí àwọn ẹlòmíì kọ́kọ́ kó wọlé, kò sí asẹ́. Bẹ́ẹ̀ ni ilẹ̀kùn tí obìnrin yẹn fi sí ẹnu ọ̀nà gbogbo ayé ṣe di ohun tí wọ́n tú sílẹ̀ ní àwọn ilé tó tóbi jù, tí èèyàn pọ̀ sí jù. Ẹni tó kàn ń dánra wò lórí láptọ́ọ̀pù ní asẹ́. Ilé-iṣẹ́ tó ń tọ́jú owó ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn lè máà ní in, bí kò bá sí ẹni tó mọ̀ níbẹ̀.

Oṣù Kẹjọ 2021 ni Kubernetes 1.22 tó mú bọ́tìnì kan wá pé, bí ẹ bá fẹ́, kí asẹ́ padà sí ipò rẹ̀ fún gbogbo yàrá. Ó kù oṣù márùn-ún kó wúlò gan-an. Ní oṣù Kínní 2022, àwọn ọ̀dọ́ kan tó máa ń díje nínú eré fífọ́ kọ̀ǹpútà, ẹgbẹ́ Crusaders of Rust, rí ihò mìíràn nínú kernel, CVE-2022-0185, tí èèyàn lè gbà jáde kúrò nínú kọ̀ǹténà. Ẹ̀bẹ̀ tó ń jẹ́ unshare ni ọ̀nà tí wọ́n gbà. Ó wà lára ohun tí asẹ́ dìfọ́ọ̀tì Docker ti dí láti 2016. Nínú Kubernetes tí wọ́n ti yọ asẹ́ rẹ̀, gbayawu ni. Ọdún mẹ́fà láàárín iṣẹ́ kan àti àǹfààní rẹ̀.

Oṣù Kẹrin 2023 ni wọ́n kéde nínú Kubernetes 1.27 pé bọ́tìnì yẹn ti gbó, pé ẹnikẹ́ni lè gbójú lé e. Bọ́tìnì ṣì ni o. Ẹni tó ń tọ́jú kọ̀ǹpútà ló gbọ́dọ̀ tan án.

Fóìsì karùn-ún

Màmá, mo padà sọ́dọ̀ yín. Iṣẹ́ tí ọmọ yín ń sọ nìyẹn. Ẹni tó mọ̀ pé bọ́tìnì yẹn wà ní ilé-iṣẹ́ ibi tí owó yín wà, tó tan án, tó sì lè gbọ́ ẹjọ́ àwọn tí ètò wọn dúró láàárọ̀ ọjọ́ kejì. Ẹni tó ń ka kọ̀ǹténà kí ó tó wọlé, bí ẹ ṣe máa ń wo inú àpò ẹ̀wà kí ẹ tó rà á. Ó ń gbowó dáadáa, wọ́n sì lè gbà á síṣẹ́ láti ibikíbi tí íntánẹ́ẹ̀tì bá dúró.

Ti Yahoo tí ẹlòmíì sọ, n kò ní fojú fo ìyẹn, torí ìmọ̀ kan náà ló lè gbé èèyàn lọ sápá méjèèjì. Àwọn Crusaders of Rust jáde kúrò nínú kọ̀ǹténà, Google sì fún wọn lówó, torí Google ló ṣí ìdíje náà tó ní ẹ wá gbìyànjú. Ẹni tó bá ṣe ohun kan náà sí kọ̀ǹpútà tí wọn kò fún un láyè sí, òfin Cybercrimes Act ti 2015 wà fún un ní Nàìjíríà yìí. Ìwé àṣẹ ló wà láàárín àwọn méjèèjì. Bí ọmọ yín bá ń ṣe tirẹ̀ lórí láptọ́ọ̀pù tirẹ̀, ẹ jẹ́ kó máa ṣe é lóru. Ìgbà yẹn ni dátà ń rọjú.

Frazelle ní tirẹ̀ ti kúrò nídìí kọ̀ǹténà. Ní oṣù Kejìlá 2019 ni òun, Bryan Cantrill àti Steve Tuck kéde Oxide, ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe kọ̀ǹpútà ńlá fúnra rẹ̀ láti ìsàlẹ̀ dókè, irin àti kóòdù. Ó tún kúrò níbẹ̀, ó dá ilé-iṣẹ́ KittyCAD sílẹ̀, Zoo ni wọ́n ń pè é báyìí, irinṣẹ́ tí àwọn ẹnjiníà fi ń ya àwòrán nǹkan kí wọ́n tó ṣe é ni wọ́n ń ṣe. Asẹ́ rẹ̀ ṣì wà nínú Docker. Àwọn ẹlòmíì ló ń tọ́jú rẹ̀ báyìí, wọ́n ń fi ẹ̀bẹ̀ tuntun kún un bí kernel ṣe ń dàgbà.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ní Docker lórí ẹ̀rọ yín, ẹ tẹ docker info, kí ẹ wá ibi tí wọ́n kọ Security Options sí. Bí ẹ bá rí seccomp níbẹ̀, tí wọ́n kọ builtin sísàlẹ̀ rẹ̀, asẹ́ yẹn nìyẹn. Ẹni tí tirẹ̀ kò bá fi í hàn, kó ya fọ́tò ojú ẹ̀rọ rẹ̀ kó fi ránṣẹ́ sínú ẹgbẹ́, a jọ máa wò ó. Lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, ti réluwéè Kafanchan la máa padà sí.